Ẹsẹ̀ Òsì Cornelius

Bàbá Cornelius ti ṣubú lẹ́ẹ̀mẹ́ta lórí àtẹ̀gùn apartment wọn ní àdúgbò Sharpstown kí wọ́n tó wá sí ṣọ́ọ̀bù bàtà mi ní ọdún 1993. Ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n, ẹni ọdún mẹ́tàléláàádọ́rin. Bọ́ọ̀lù ni wọ́n gbá jẹun láti 1946 di 1957, nínú ẹgbẹ́ ìlú kékeré kan ní àríwá ilẹ̀ wọn.

"Ọmọ mi Helen ti gbà pé orí mi ló ń dàrú," ni wọ́n wí. "Ó ti wá àyè fún mi ní ilé ìtọ́jú arúgbó kan ní ìlú Humble. Sátidé ló ń bọ̀ wá kó ẹrù mi. Tí mo bá lè gun àtẹ̀gùn yẹn níwájú rẹ̀ láìkọsẹ̀, á fi mí sílẹ̀. Bá mi wo bàtà yìí, ó ń yọ̀."

Mo dojú bàtà náà délẹ̀. Gìgísẹ̀ ti ọ̀tún ti jẹ. Ti òsì, iwájú nìkan ló jẹ, níbi ọmọ ìka.

"Bàbá, bàtà yín ò yọ̀. Ẹsẹ̀ òsì yín ló kúrú."

Wọ́n wo ẹnu ọ̀nà, bí ẹni pé máníjà ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù wọn àtijọ́ wà níbẹ̀. "Ta ló sọ fún ẹ?"

"Bàtà ni."

Wọ́n jókòó. Ẹsẹ̀ náà kán ní 1951, ó sì kúrú nígbà tó jinná. Ká ní ẹgbẹ́ mọ̀, ẹlòmíràn ni ìbá wọ jẹ́sì wọn lọ́sẹ̀ kejì. Aránbàtà ẹgbẹ́ nìkan ló mọ̀, òun ló ń to awọ sínú bàtà òsì fún wọn.

"Ọdún mẹ́fà lẹ fi tan gbogbo èèyàn jẹ?"

"Wọ́n tún ń pàtẹ́wọ́ fún mi. Ìyá Helen gan-an ò mọ̀ títí ó fi kú."

Mo ní kí wọ́n dúró ti ògiri. Mo fi téèpù wọn ẹsẹ̀ méjèèjì láti egungun ìbàdí dé ilẹ̀: ìyàtọ̀ wọn ò ju ìdá kan nínú mẹ́rin íǹṣì lọ. Mo gé awọ, mo fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ ẹ́ sínú bàtà. Nígbà tí wọ́n wọ̀ ọ́ ní Alàrùbá, wọ́n ṣì ń tiro.

Mo ń wo bí wọ́n ṣe dúró.

"Bàbá, orúnkún ọ̀tún yín tẹ̀."

"Kò tẹ̀."

"Ẹ fọwọ́ kàn án."

Wọ́n fọwọ́ kàn án, ojú sì tì wọ́n. Láyé ìgbà yẹn, láràárọ̀ ni máníjà máa ń to àwọn agbábọ́ọ̀lù sórí ìlà, Bàbá a sì tẹ orúnkún ọ̀tún díẹ̀ kí ìbàdí méjèèjì lè dọ́gba. Ó ti mọ́ wọn lára. Bí wọ́n ṣe tan máníjà ni wọ́n ṣe tan téèpù mi.

"Ó yá, ẹ dùbúlẹ̀."

Mo tẹ́ ẹní ìkírun mi sílẹ̀, mo fọwọ́ tẹ orúnkún náà mọ́lẹ̀, mo tún un wọ̀n láti ìbàdí dé egungun ọrùn ẹsẹ̀. Ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin íǹṣì.

"Sirajudeen, ká ní máníjà mi gbọ́n tó ẹ ni, èédú ni ǹ bá máa wà lábẹ́ ilẹ̀."

Tí mo bá kó gbogbo awọ náà sínú bàtà, gìgísẹ̀ á yọ jáde. Tí mo bá kó o sábẹ́, ẹsẹ̀ á wúwo. Mo pín in: díẹ̀ sínú, ìyókù sábẹ́, mo wá fá iwájú rẹ̀ kí ẹsẹ̀ lè máa yí síwájú. Ní Jímọ̀, wọ́n rìn yí ṣọ́ọ̀bù po lẹ́ẹ̀mẹ́wàá.

Ní Sátidé, Helen dúró sókè àtẹ̀gùn, èmi wà nísàlẹ̀. Bàbá ń gun àtẹ̀gùn náà, wọn ò kọsẹ̀ rárá. Àmọ́ nígbà tí wọ́n dé àárín, wọ́n dúró.

"Dádì, ṣé òòyì ń kọ́ yín?"

"Rárá. Wá jókòó."

Wọ́n bọ́ bàtà òsì, wọ́n gbé e lé Helen lọ́wọ́. "Ẹsẹ̀ yìí kúrú láti 1951. Mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni."

Helen ti ìka bọ inú bàtà, ó ń ka awọ náà ní ìpele-ìpele. "Gbogbo bí àwọn dókítà ṣe ń wo orí yín kiri, ẹ kàn ń wò wá?"

"Mo rò pé ẹ máa yọ mí kúrò nínú tíìmù."

Ó fi èjìká gbá wọn. Ó fúnra rẹ̀ wọ bàtà náà fún wọn, ó so okùn rẹ̀, ó ní kí wọ́n gùn ún dókè tán kí òun rí i. Wọ́n gùn ún. Ó ní òun á pe àwọn ará Humble lọ́jọ́ Mọ́ńdè pé kí wọ́n fi yàrá náà fún ẹlòmíràn. Lẹ́yìn náà ló bẹ orí wò mí nísàlẹ̀.

"Sálúbàtà tí wọ́n ń wọ̀ nínú ilé ńkọ́? Ṣé ẹ lè ṣe ìyẹn náà?"

Mo ní kí ó jù ú sí mi.