Ọtí Ẹ̀bẹ̀ Tí Arsène Mu

Ìdí ẹ̀rọ tó ń fa omi ìjọba ní Elavagnon ni irun Étienne ti funfun, ó sì mọ̀ pé bí omi ò bá yọ, nǹkan ló dí ẹnu páìpù. Bẹ́ẹ̀ náà lọ̀rọ̀ owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀ rí. Ẹ̀rọ tuntun kan pòórá ní ilé ìkẹ́rù-sí lóṣù tó fẹ̀yìn tì. Arsène, ọ̀gá wọn ní Atakpamé, ní Étienne ló jí i, ó sì fi ẹjọ́ rẹ̀ sun àwọn ọlọ́pàá jandámù. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti dá owó rẹ̀ dúró: àfi kí ilé ẹjọ́ kọ́kọ́ dá ẹjọ́ ná. Bí ọjọ́ ẹjọ́ bá sì pé, Arsène tó pẹjọ́ kò ní yọjú, adájọ́ á sún un síwájú. Ẹni tó dí páìpù ló jókòó lé e lórí.

"Ẹ ní sùúrù, Bàbá," ni Arsène máa ń wí ní ọ́fíìsì, tẹ̀ríntẹ̀rín. "Ẹni tọ́wọ́ rẹ̀ mọ́ kì í kánjú."

"Arsène, èmi ni mo kọ́ ẹ bí wọ́n ṣe ń di nọ́ọ̀tì."

"Ẹ kọ́ mi dáadáa. Ẹ ò rí bí mo ṣe dì í?"

Blandine, ìyàwó Étienne tó bí Céline fún un, ló wá ba ọ̀rọ̀ jẹ́. Iṣu tán nínú àká, ó sì ronú pé ẹ̀bẹ̀ là ń bẹ òṣìkà. Kò sọ fún ọkọ rẹ̀. Ó ra ìgò ọtí sódàbì kan, ó gbé e fún Bàbá Jules, àgbà tó ń bá gbogbo àdúgbò bẹ̀bẹ̀. Bàbá Jules gbé ọtí náà tọ Arsène lọ, ó sì bẹ̀ ẹ́ bí wọ́n ṣe ń bẹni níbẹ̀. Ẹnìkan kì í gbé ọtí ẹ̀bẹ̀ dání kó tún máa ní òun jàre. Ó dọ̀bálẹ̀, ó ní, "Étienne jẹ̀bi. Gbogbo wa la jẹ̀bi. Foríjì wá." Arsène gba ọtí, ó dúpẹ́.

Nígbà tí ọjọ́ ẹjọ́ tún pé, Arsène ló kọ́kọ́ dé, ṣáájú gbogbo èèyàn.

"Olúwa mi, Étienne ti jẹ́wọ́," ni ó wí fún adájọ́. "Ó rán àgbà wá bẹ̀ mí."

Étienne yíjú sí ìyàwó rẹ̀. "Ìwọ ni?"

"Bàbá Céline, ebi ló…"

"O tà mí! Ìgò ọtí kan péré lo fi tà mí!"

Adájọ́ gbá tábìlì. Ará etíkun ni, kò mọ àṣà wọn. Ó ní kí Bàbá Jules dìde.

"Bàbá, ṣé ẹ sọ pé ó jẹ̀bi?"

"Mo sọ ọ́."

Arsène rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Ṣé ẹ rí i níbi tó ti ń jí ẹ̀rọ náà?"

"Rárá o." Bàbá Jules kọjú sí Arsène. "Nígbà tí Olga ìyàwó rẹ sá lọ sílé bàbá rẹ̀ lọ́dún tó kọjá, tó ní o lu òun, ta lo rán lọ bẹ̀ wọ́n?"

Bàbá Jules fọwọ́ lu àyà ara rẹ̀.

"Èmi ni. Mo dọ̀bálẹ̀ fáwọn àna rẹ, mo ní, 'Arsène jẹ̀bi.' Ó dáa, ṣé lóòótọ́ lo lù ú?"

"N ò fọwọ́ kàn án!" ni Arsène figbe ta. "Ẹ̀bẹ̀ lásán nìyẹn!"

Ilé ẹjọ́ bú sẹ́rìn-ín. Ìgbà náà ni Arsène tó gbọ́ ohun tí ẹnu ara rẹ̀ sọ. Adájọ́ ní kí akọ̀wé fagi lé ọ̀rọ̀ ìjẹ́wọ́, ó sì bi Arsène bóyá ó ní ẹ̀rí mìíràn. Kò ní, ó ní kí wọ́n fún òun láyè.

"Oṣù kan, kò sì ní sí òmíràn. Bí o ò bá mú ẹlẹ́rìí wá, màá dá a sílẹ̀, ẹ ó sì san owó rẹ̀."

Níta, ojú Arsène ti pọ́n, ó kọjú sí Étienne. "Oṣù kan ṣì gùn, Bàbá. Ẹ ṣì máa jẹ gbàgúúdá gbígbẹ."

"Ọtí wa dà?" ni Bàbá Jules bi í.

"Mo ti mu ún."

"Ẹni tó bá mu ọtí ẹ̀bẹ̀ ti foríjini. Ìjà ti parí lọ́wọ́ tìrẹ."

"Ní tèmi," ni Étienne wí, "kò tíì bẹ̀rẹ̀."

Blandine nawọ́ sí i. Étienne gbọn ọwọ́ náà dànù, ó sì dá gba ọ̀nà ibi tí wọ́n ti ń wọkọ̀ Elavagnon lọ.