Aláǹtakùn Inú Ebè Ajíbọ́lá

Ọkọ́ Damaris ló já àpò ẹyin aláǹtakùn kan bọ́, tó sì tẹ̀ ẹ́ fọ́. Irú èyí tí kì í takùn ni, aláwọ̀ ewé gbígbẹ, tó máa ń gbé ẹyin rẹ̀ sáré nílẹ̀. Bí ẹyin bá sì pa, á pọn gbogbo ọmọ sẹ́yìn. Ó wá àpò náà káàkiri. Nígbà tó kan òkúta róbótó kan, ó gbá a mú, ó so ó mọ́ ìdí, ó ń gbé e lọ.

“Òmùgọ̀! Òkúta nìyẹn, jù ú nù!” ni Damaris jágbe mọ́ ọn.

Ebè Ajíbọ́lá ló ń ro, ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo tí àwọn ajínigbé mú lọ lọ́nà Obbo, tí wọn ò dá padà. Ọdọọdún ló ń gbin iṣu sí i. Tó bá wà á tán, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ jẹ ẹ́, títí yóò fi jẹrà.

“Ìyá Ajíbọ́lá,” ni Ọlágòkè ọkọ rẹ̀ pè é, “ṣé a ò ní fi ebè yìí sílẹ̀ báyìí?”

“Ẹ má sọ bẹ́ẹ̀ mọ́. Ó ń bọ̀ wá jẹ iṣu rẹ̀.”

Ọlágòkè ti gbọ́ ohun tí ìyàwó rẹ̀ sọ fún aláǹtakùn. Ó la ẹnu láti sọ ọ́ fún òun náà, ó sì tún pa á dé.