Àfọ́kù Ìgò Inú Rọ́ọ̀gì

“Má gbé e sílẹ̀!”

Ohùn Baba Ẹ̀sọ̀ ga ju bó ṣe fẹ́ lọ. Ìyàwó rẹ̀, tó ti fẹ́ gbé ọmọ wọn jókòó sórí rọ́ọ̀gì pálọ̀, dúró gbagidi. Ìyá ìyàwó rẹ̀, tó fi ẹsẹ̀ ọ̀tún lé orí àpótí ìtìsẹ̀, gbójú sókè wò ó.

“Ilẹ̀ ló tutù,” ni Baba Ẹ̀sọ̀ fi kún un. “Gbé e wá, mo máa gbé e.”

Ó gba ọmọ náà, ó gbé e lé èjìká. Láti àárọ̀ ló ti ń gbé e kiri inú ilé. Ọmọ oṣù mẹ́jọ ni, ọ̀sẹ̀ tó kọjá ló ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ bí wọ́n ṣe ń rákòrò, kò sì sí ohun tó dùn mọ́ ọn ju kó máa ṣa nǹkan nílẹ̀ kó máa kó o sẹ́nu lọ.

“Ẹ wo ọkọ ọmọ mi,” ni Màmá wí. “Ọkùnrin tó gbé ọmọ láti àárọ̀ tí kò ráhùn! Bàbá tìrẹ ńkọ́? Ẹ̀ẹ̀kan péré ló gbé ọ, bí ẹni gbé ẹyin ló sì ṣe gbé ọ, kíá ló ti dá ọ padà fún mi. Ọlọ́run fi ọkọ rere jíǹkí rẹ, àfi kó o mọ̀ ọ́n tọ́jú.”

Ìyìn náà ta Baba Ẹ̀sọ̀ lára bí omi gbígbóná. Kò lè wo ojú ìyá náà, ẹsẹ̀ rẹ̀ ló ń wò. Ní kùtùkùtù òwúrọ̀ yẹn ni Màmá rìn lọ sídìí fèrèsé láti fa kọ́tìnì, tó kàn ṣe “yéè!”, tí kò sì lè fi gìgísẹ̀ tẹlẹ̀ mọ́. Ojú ibẹ̀ kàn pọ́n díẹ̀ ni. Kò sí ẹ̀jẹ̀, kò sí ohun tó yọ síta, ṣùgbọ́n bí ọwọ́ bá fi lè kàn án, ìyá á fà á sẹ́yìn.

Ìyàwó rẹ̀ ni ẹ̀bi sì já lé lórí. Ní ọjọ́bọ̀, ife omi kan já bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nínú pálọ̀ yìí, ó fọ́, ó sì gbá a. Òun fúnra rẹ̀ ló sọ ọ́, kò tiẹ̀ sí ẹni tó bi í.

“Ẹni tó bá fọ́ ife, ẹ̀ẹ̀mẹta ló ń gbálẹ̀,” ni Màmá ti sọ fún un. “Ṣé bí mo ṣe kọ́ ọ nìyẹn? Mo sùn sílé rẹ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, o ti sọ mí di arọ!”

Ìyàwó náà kúnlẹ̀. “Ẹ jọ̀ọ́, Màmá. Mo rò pé mo gbá a tán ni. Ẹ má bínú.”

Baba Ẹ̀sọ̀ wà lórí ìdúró nígbà tó kúnlẹ̀. Ọmọ ló gbé mọ́ àyà. Kò sọ nǹkan kan.

Níbi iṣẹ́ ni wọ́n ti fún un lórúkọ yẹn. Wáyà fáíbà ló ń fà wọ inú ilé àti ọ́fíìsì, wáyà tẹ́ẹ́rẹ́ tí ń gbé nẹ́tíwọ́ọ̀kì, tó jẹ́ pé okùn ìgò tí kò nípọn ju irun orí lọ ló wà nínú rẹ̀. Ẹ̀sọ̀, ẹ̀sọ̀, lọ́rọ̀ ẹnu rẹ̀ látàárọ̀ dalẹ́. Ẹ má fi agbára fa wáyà nínú páìpù. Ẹ má ká a mọ́ra jù, yóò dá sínú. Ẹ má jẹun níbi tẹ́ ẹ bá ti gé ìgò. Bó bá dé ilé oníbàárà, aṣọ dúdú ni yóò kọ́kọ́ tẹ́ sílẹ̀ kó tó ṣí àpótí wáyà, yóò sì ka gbogbo èyí tó bá gé kúrò lọ́kọ̀ọ̀kan, yóò fi téèpù mú wọn, yóò dà wọ́n sínú ike onídèérí. Lọ́dún tó kọjá, ó dá òṣìṣẹ́ kan tó lọ́mọ mẹ́ta padà sílé fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko, nítorí pé àfọ́kù tó wà nínú ike fi ẹyọ kan dín. Ọkùnrin náà bẹ̀ ẹ́ títí, kò gbọ́.

Ó tó oṣù mẹ́fà tí ìyàwó rẹ̀ ti ń sọ ọ́ pé, “Ẹ ti fa nẹ́tíwọ́ọ̀kì sí gbogbo àdúgbò tán, tiwa nìkan ló kù.” Nígbà tí wọ́n gbọ́ pé Màmá ń bọ̀, tó sì ń fẹ́ máa rí ojú àbíkẹ́yìn rẹ̀ tó wà lókè òkun lórí fóònù, kò sí àwáwí mọ́. Ní àná ló ṣe é. Ti ìta dára, kò sí irọ́ níbẹ̀: láti àpótí ńlá ara ògiri tí wọ́n ti ń pín wáyà fún ojúlé kọ̀ọ̀kan, ó fi okùn fa tiwọn gba inú páìpù abẹ́ ilẹ̀ wọlé pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ó sì fi rọ́bà dí ẹnu páìpù kí omi àti eku má baà gba ibẹ̀ wọlé. Ti inú ilé ló kù díẹ̀ káàtó. Aṣọ dúdú àti ike onídèérí wà nínú ọkọ̀ iṣẹ́, ẹlòmíràn sì ti gbé ọkọ̀ lọ. Ó ní ṣebí ilé òun ni. Orí ọwọ́ àga ló ti gé ìgò. Ìsopọ̀ àkọ́kọ́ kò mú, ó tún òmíràn gé. Bí fóònù ṣe dún nìyẹn, pé Màmá ti dé ibùdókọ̀. Ó fi àkísà gbọn ọwọ́ àga, ó dìde lọ pàdé rẹ̀. Mẹ́rin ló gé. Méjì ló rí kó dà nù. Ó ní bí òun bá dé, òun á wá méjì tó kù.

Ó dé, kò wá a. Ojú àbíkẹ́yìn yọ lórí fóònù, Màmá sunkún ayọ̀, ó fi àdúrà wẹ àna rẹ̀ láti orí dé ẹsẹ̀. Ta ni yóò wá máa fi téèpù lu rọ́ọ̀gì lójú irú ìwúre bẹ́ẹ̀?

Láàárọ̀ yìí, ẹ̀ẹ̀mẹta ló ti la ẹnu láti sọ ọ́. Ẹ̀ẹ̀mẹta náà ni Màmá yìn ín. Bó bá sì ṣe ń pẹ́ sí i, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìgò nìkan mọ́. Ọ̀rọ̀ pé ó dákẹ́ ti gorí rẹ̀. Ojú ń ti Baba Ẹ̀sọ̀.

Nọ́ọ̀sì tó ń gbé ilé kejì, tí wọ́n ti ránṣẹ́ pè, ló wọlé pẹ̀lú báàgì rẹ̀. Ó wọ awò ojú, ó tan iná fóònù sí gìgísẹ̀ Màmá, ó tẹ̀ ẹ́ síhìn-ín, ó tẹ̀ ẹ́ sọ́hùn-ún.

“Màmá, mi ò rí nǹkan kan o. Ṣé ife náà nípọn ni?”

“Ife omi lásán ni,” ni ìyàwó Baba Ẹ̀sọ̀ fèsì, ojú rẹ̀ wà nílẹ̀.

“Tìyẹn ì bá hàn. Bí mi ò bá mọ ohun tí mò ń wá, àfi kí n fi abẹ là á díẹ̀.” Nọ́ọ̀sì mí kanlẹ̀. “Màmá sì ní ìtọ̀ ṣúgà. Egbò ẹsẹ̀ kì í tètè jinná fún wọn, ẹ̀yin náà mọ̀.”

Màmá di ọwọ́ àga mú. “Bó bá jẹ́ pé bẹ́ẹ̀ ni, là á. Ọmọ mi ló ṣe é, kò burú.”

“Ẹ dúró,” ni Baba Ẹ̀sọ̀ wí.

Ó gbé ọmọ fún ìyàwó rẹ̀. Ó mú tọ́ọ̀ṣì, téèpù àti ẹ̀mú kékeré ẹlẹ́nu ṣóńṣó wá, ó ní kí wọ́n fa kọ́tìnì padà kí inú ilé ṣókùnkùn. Ó jókòó sórí àpótí, ó gbé ẹsẹ̀ ìyá náà lé itan ara rẹ̀. Kò na iná sí gìgísẹ̀ ní tààrà bí nọ́ọ̀sì ti ṣe. Ẹ̀gbẹ́ ló ti na án, kí iná máa fò kọjá lójú awọ. Nǹkan kan sì tàn yinrin níbẹ̀.

“Kì í ṣe ife,” ni ó wí, kò gbójú sókè. “Ìgò inú wáyà ni. Ibi iṣẹ́ tí mo ṣe lánàá ló ti wá.”

Ó fi ẹ̀mú mú un, ó fà á yọ ní gbọọrọ bó ṣe wọlé, ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ téèpù. Kò gùn ju ìdajì èékánná lọ. Màmá fi gìgísẹ̀ tẹ itan àna rẹ̀ wò, ó tún un tẹ̀, ó bú sẹ́rìn-ín.

“Ọwọ́ yìí kò ní gbẹ o! Nọ́ọ̀sì, o ò rí dókítà nínú ilé!”

Nọ́ọ̀sì fi oògùn nu ojú ibẹ̀, òun náà rẹ́rìn-ín. “Ẹ ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ mi, ọ̀gá,” ni ó wí, ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Ara tu ìyàwó náà. Ó ṣí kọ́tìnì. “Màmá, ẹ rí i pé kì í ṣe èmi? Ṣùgbọ́n ẹ má dá Dádì lẹ́bi o. Wọn ò mọ̀ ni. Ta ló lè rí irú nǹkan yẹn? Bí wọ́n bá mọ̀, ṣé wọ́n á jẹ́ kí n kúnlẹ̀ máa bẹ̀bẹ̀?”

Ọ̀nà àbáyọ rèé, ìyàwó rẹ̀ ló là á sílẹ̀ fún un. Bó bá kàn mi orí, ó parí. Ó wo ìyàwó rẹ̀, ó rí i pé ó gbà á gbọ́ tọkàntọkàn, ó sì rí i pé òun kò lè ru ìgbàgbọ́ yẹn.

“Mo mọ̀,” ni ó wí.

“Kí lẹ mọ̀?”

“Mo mọ̀ pé tèmi ni. Bí Màmá ṣe ké ni mo ti mọ̀. Nígbà tí o kúnlẹ̀, mo mọ̀. Ojú ló tì mí, ni mo fi jẹ́ kó jẹ́ tìrẹ. Ẹyọ kan ṣì wà nílẹ̀.”

Ìyàwó náà wò ó, ó wo ọmọ tó wà lọ́wọ́ ara rẹ̀.

“Ìdí tí o kò fi jẹ́ kó fẹsẹ̀ kan ilẹ̀ láti àárọ̀ nìyẹn.” Kò tíì pè é ní “o” rí níwájú ìyá rẹ̀. “O rántí ọmọ. Èmi ni o fi sílẹ̀.”

Ó sọ̀kalẹ̀ lórí àpótí, ó kúnlẹ̀ lórí rọ́ọ̀gì, ìyàwó rẹ̀ ló sì kọjú sí, kì í ṣe ìyá rẹ̀.

“Háà! Dìde, ọmọ mi!” ni Màmá kígbe. “Ta ló rí ọkọ tí ń kúnlẹ̀ fún aya? Ìwọ náà lo ṣẹ̀ṣẹ̀ ní ìgò ṣì wà níbẹ̀ yẹn!”

Ìyàwó rẹ̀ ti gbé ọmọ dé ẹnu ọ̀nà yàrá. Kò yíjú padà.

“Ẹ fi í sílẹ̀, Màmá. Òun ló mọ ibi tó dà á sí.”