Ijó Etí Méjì tí Herbert Jó ní Amẹ́ríkà

Ní ìrọ̀lẹ́ Sọ́ńdè tí Herbert ọ̀rẹ́ mi máa kọ́kọ́ bọ́ sí pápá ní Amẹ́ríkà, èrò kún ilé ìwòran bọ́ọ̀lù Alhaji Ṣéhù ní Ìtòkú débi pé afẹ́fẹ́ gan-an ní láti tò sórí ìlà kó tó wọlé. Mo gbé fóònù sókè, mò ń ya gbogbo ẹ̀. Herbert ló ní kí n yà á, pé ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù òun fẹ́ fi han àwọn òyìnbó bí ilé òun ṣe ń gbóná lọ́jọ́ eré.

Bọ́ọ̀lù yìí kì í ṣe èyí tí a mọ̀ o. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń gbé e sá bí ẹni jí iṣu, àwọn géńdé tí ọrùn wọn tó ìdí ìrókò á sì máa lé onítọ̀hún kí wọ́n lè wó lù ú. Èmi ni mò ń túmọ̀ ẹ̀ fún wọn. Níbi tí n kò bá ti mọ̀ ọ́n, mo pa irọ́ sí i.

Irọ́ yẹn gan-an ni wàhálà mi. Òpùrọ́ ni gbogbo Kemta mọ̀ mí sí, torí náà kò sẹ́ni tó gbà pé èmi ni mo ni ijó tí Herbert fẹ́ jó. Òótọ́ sì ni. Nígbà tí a wà ní pírámárì, tíṣà ká wa mọ́ orí igi máńgòrò ṣọ́ọ̀ṣì, ó ní ká di etí wa mú ká máa fò bí ọ̀pọ̀lọ́. Mo sọ ìyà yẹn di ijó, mò ń jùdí, títí tíṣà fi rẹ́rìn-ín tí bẹ́líìtì ẹ̀ já. Kí Herbert tó wọ bàálù, ó ṣèlérí fún mi: "Ọ̀jẹ̀níyì, ọjọ́ tí mo bá gbé bọ́ọ̀lù dé òpin pápá, ijó ẹ ni màá jó, màá sì dárúkọ ẹ."

Láti Òwu dé Ìtòkú, kò sẹ́ni tí n kò sọ ọ́ fún.

Herbert sì gbé e dé òpin lóòótọ́. Ó di etí mú, ó fò, ó jùdí. Ariwo tó sọ, mo rò pé àwọn adìyẹ Ìbàdàn yé ẹyin méjì-méjì. Alhaji Ṣéhù, àgbàlagbà tó ti lọ Mẹ́kà, gun orí bẹ́ǹṣì. Adépéjú aládìrẹ, tó máa ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ jù, dì mọ́ mi, aró ọwọ́ ẹ̀ kùn mí lọ́rùn. Ó ní kí n má bínú, pé àwọn rò pé mò ń parọ́ ni.

Nígbà tí eré parí, wọ́n gbé máìkì sí Herbert lẹ́nu. Òyìnbó kan bi í níbo ló ti rí ijó yẹn. Mo ní kí gbogbo ilé dákẹ́.

Herbert rẹ́rìn-ín. Ó ní òun nìkan lòun dá a sílẹ̀, nínú yàrá òun, ní Amẹ́ríkà níbẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ẹ̀ kò le rárá. Ó yé gbogbo wa.

Adépéjú ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. "Ẹ̀gbọ́n, àṣé Yàrá lorúkọ yín."

Ẹ̀rín wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣí páànù òrùlé. Alhaji Ṣéhù rọra sọ̀ kalẹ̀ lórí bẹ́ǹṣì, kò wo ojú mi.

N kò tíì délé tí Herbert fi kọ̀wé sí mi: "Ọ̀rẹ́ mi àtàtà, fídíò dà? Wọ́n ń dúró dè é."

Fóònù mi kò dẹ́kun yíyà látìgbà tí mo ti gbé e sókè. Mo gé gbogbo ayọ̀ iwájú kúrò, mo fi ibi tí wọ́n ti ń nàka sí mi, tí wọ́n ń rẹ́rìn-ín, sílẹ̀. Mo fi ránṣẹ́. Mo kọ ọ́ sábẹ̀ pé bí ilé ẹ ṣe gbóná lọ́jọ́ eré nìyí.

Ó ti wò ó.