Ẹni Tó Kọ́kọ́ Dé

Bí Àdùfẹ́ ṣe ti ilẹ̀kùn ọ́fíìsì báyìí ni ẹ̀rín kú mọ́ Doris lẹ́nu. Ọlábánjí tó jókòó sí etí tábìlì rẹ̀ dìde fùú, ó mú fìlà, ó ní òun fẹ́ lọ wo mọ́tò tí yóò gbé wọn jáde. Kò wo ojú Àdùfẹ́. Doris, akọ̀wé wọn, bẹ̀rẹ̀ sí í nu tábìlì tí kò dọ̀tí.

"Kí lẹ̀ ń fi rẹ́rìn-ín?" Àdùfẹ́ béèrè.

"Ah, Àǹtí, kò sí nǹkan o. Na play."

Kò sí nǹkan kẹ̀! Bí kò bá nídìí, obìnrin kì í jẹ́ Kúmólú. Lọ́jọ́ Ẹtì yìí ni Alhaji Sàídù, ọ̀gá àwọn wolé-wolé ìjọba ìbílẹ̀ wọn l'Ájégúnlẹ̀, yóò fẹ̀yìn tì, ọ̀rọ̀ ẹni tí yóò gba ipò rẹ̀ ló sì wà lẹ́nu gbogbo èèyàn. Àdùfẹ́ ló kàn. Nígbà tí Ọlábánjí ṣì ń ru ẹrù ní èbúté Àpápá, Àdùfẹ́ ti ń wọ ilé onílé, ó ti ń yọjú sí kànga, ó ti ń bá àwọn lańlọ́ọ̀dù jà nítorí gọ́tà. Òun gan-an ló kọ́ ọkùnrin náà níṣẹ́ nígbà tó dé. Ọjọ́ orí nìkan ni Ọlábánjí fi jù ú lọ. Bí wọ́n bá wá gbé Ọlábánjí gorí rẹ̀ báyìí, abẹ́ rẹ̀ ni yóò ti fẹ̀yìn tì, ojú ẹni tó kọ́ ní bí wọ́n ṣe ń di bàtà òjò ni yóò sì máa wò kó tó gba àyè lọ sílé.

Lánàá, ó rí Doris tó gbé abọ́ olómorí wọ yàrá Alhaji. Lónìí, ẹ̀rín. Kòkòrò tó ń jẹ obì, inú obì ló ń gbé.

Ní gbogbo àsìkò tí wọ́n fi ń yẹ ilé wò ní àdúgbò Bọ́ńdárì láàárọ̀ yẹn, ojú Àdùfẹ́ kò kúrò lára Ọlábánjí. Fóònù ọkùnrin náà dún, ó yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Àdùfẹ́ bẹ̀rẹ̀ wo ojú gọ́tà bí ẹni tó rí iṣẹ́, ó sì na etí.

"Ó ti dájú," ló gbọ́. "Ṣùgbọ́n kò tíì mọ̀."

Àdùfẹ́ mọ̀ pé òun ló ń sọ. Síbẹ̀, nígbà tí wọ́n dé ẹnu ọ̀nà ilé tó tẹ̀ lé e, ó yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan bó ṣe máa ń ṣe. "Ẹ máa wọlé, ẹ̀gbọ́n," ó wí.

Bí wọ́n ṣe padà dé, Doris ló kọ́kọ́ ká mọ́.

"Ta lo sọ ọ̀rọ̀ mi fún?"

"Àǹtí, I swear, no be me! Bọ̀ọ̀dá Bánjí ló sọ fún mi pé wọ́n ti mú òun fún ipò Alhaji. Ojú yín ló ń tì mí láàárọ̀."

"Abọ́ tó o gbé lọ bá Alhaji ńkọ́?"

"Oúnjẹ sítáàṣì àti ọbẹ̀ ẹyìn ni now! Bàbá ń lọ, mo ní kí wọ́n tọ́ ọbẹ̀ ilé wa wò."

Àdùfẹ́ kò dúró gbọ́ tán. Ó wọ yàrá Alhaji láìkan ilẹ̀kùn.

"Mo ti ń retí rẹ," Alhaji Sàídù wí. "Mo sọ fún àwọn àlejò tó wá lọ́sẹ̀ tó kọjá láti yan ẹni tí yóò gba ipò mi pé ìwọ lo ṣíwájú. Fáìlì pàápàá sọ bẹ́ẹ̀."

"Ta ló wá bà mí jẹ́ lójú wọn, sà?"

Alhaji yọ awò ojú rẹ̀. "Nígbà tí wọ́n pe ẹ̀yin méjèèjì wọlé, àga kan ló ṣẹ́ kù. Ta ló jókòó?"

"Ẹ̀gbọ́n ni, sà."

"Wọ́n béèrè ọ̀rọ̀ ìdọ̀tí ọjà. Ìwọ lo mọ̀ ọ́n, o ní kí ẹ̀gbọ́n kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ẹ ń jáde, o bá a gbé báàgì. Wọ́n ní ọ̀gá làwọn ń wá, ẹni tó lè pàṣẹ. Wọ́n ní báwo lo ṣe fẹ́ pàṣẹ fún ẹni tí o ò lè ṣíwájú rẹ̀ wọlé?" Ó mí kanlẹ̀. "Wọ́n ń bọ̀ lọ́la láti fọwọ́ sí i. Bí o bá ní ẹjọ́, ojú Ọlábánjí ni wàá ti rò ó."

Àdùfẹ́ bá Ọlábánjí nídìí mọ́tò, níbi tó ti ń fọ ẹrẹ̀ kúrò lára bàtà.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ mọ̀ pé èmi ni mo ṣíwájú yín níṣẹ́ yìí."

"Mo mọ̀ ọ́n, Àdùfẹ́. Ìwọ lo kọ́ mi."

"Kí ló dé tẹ́ ẹ ò sọ fún wọn?"

Ọlábánjí wò ó, ó jọ pé ìbéèrè náà yà á lẹ́nu ní tòótọ́. "O fún mi ní àga," ó wí. "Mo sì jókòó."

Kò rẹ́rìn-ín, kò sì fi ṣe fáàrí. Ìyẹn ló dun Àdùfẹ́ jù. Ká ní Ọlábánjí fún ẹnì kan ní rìbá ni, ká ní Doris ló ṣòfófó, ì bá mọ ibi tí yóò gbé ẹjọ́ lọ. Ta ni yóò wá fẹjọ́ rẹ̀ sùn báyìí? Ṣé ìyá rẹ̀ ni, tó kọ́ ọ pé ọmọ tó bá jókòó nígbà tí àgbà wà lórí ìdúró kò gbẹ̀kọ́? Ìyá sì ti wà ní sàréè.

Nírọ̀lẹ́, ó ń rìn lọ sílé létí omi ní Marine Beach. Láti ọjọ́ tí ọkùnrin náà ti dé, kò tíì fi orúkọ pè é rí. Ó wo ẹ̀yìn, ó wo iwájú.

"Ọlábánjí," ó wí wẹ́lẹ́. Ẹnu rẹ̀ wúwo, bí ẹni tó bú bàbá rẹ̀.

Ó rìn síwájú díẹ̀. "Ọlábánjí, èmi ni ọ̀gá rẹ." Èyí le ju ti àkọ́kọ́ lọ, obìnrin kan tó ń yan ẹja sì gbójú sókè wò ó. Ó dùn lẹ́nu rẹ̀ ju bó ṣe rò lọ, ẹ̀rù sì bà á.