Ilẹ̀ Tí Wọ́n Ti Gbẹ́ Rí

Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ka ìwé náà tán kí ọkọ̀ yunifásítì tó gbé wa dé Ajah lọ́dún 1978. Ìwé àkọ́bẹ̀rẹ̀ ni, lórí egungun èèyàn àti lórí bí wọ́n ṣe ń wú ohun àtijọ́ jáde nínú ilẹ̀, ṣùgbọ́n bí ẹni ń ṣe àdììtú inú ìwé ìròyìn ni mo ṣe kà á, irú èyí tí wọ́n ń fi lẹ́tà kún àpótí kéékèèké. Egungun ìbàdí tó bá fẹ̀, obìnrin ló ni ín. Eyín tó bá ti jẹ pẹlẹbẹ, eyín àgbà ni. Ohun tó bá wà lábẹ́ ìpele ilẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò fọwọ́ kàn, ó ti wà níbẹ̀ ṣáájú ìpele náà. Gbogbo rẹ̀ ló ní ìdáhùn, ohun tó bá sì ní ìdáhùn ni mo fẹ́ràn.

Àwa akẹ́kọ̀ọ́ méjì la tẹ̀lé olùkọ́ wa, Dókítà Ọlákẹ́mi: èmi Dúró, àti Tájù. Òkìtì ìkarahun ìṣáwùrú kan wà lórí ilẹ̀ ìdílé Gbàdàmọ́sí, láàárín igi àgbọn, kò jìnnà sí ọ̀sà. Àwọn ará ìgbà láéláé ló jẹ ìṣáwùrú tí wọ́n ń da ìkarahun rẹ̀ síbẹ̀ títí tó fi ga. Òun la wá gbẹ́. Lọ́jọ́ tí a dé, Dókítà sọ ọ̀rọ̀ kan tí kò kúrò lọ́kàn mi mọ́.

"Ẹni tó bá ràn mí lọ́wọ́ jù láti mọ ìtàn ibí yìí, orúkọ rẹ̀ ni yóò tẹ̀lé tèmi lójú ìwé àkọ́kọ́ nínú ìròyìn tí a máa tẹ̀ jáde. Ẹnì kan ṣoṣo."

Tájù bú sẹ́rìn-ín. "Dúró, tìẹ nìyẹn. Ní tèmi, ẹja ọ̀sà ni mo tìtorí ẹ̀ wá."

Mo gbà pé tèmi ni lóòótọ́. N kò tíì mọ Mọ́rúfù nígbà náà.

Mọ́rúfù wà lára ọkùnrin mẹ́rin tí a gbà láti máa kó iyẹ̀pẹ̀. Ó tó ẹni ogójì ọdún, ó gùn, kì í wọ bàtà. Òun ló ń gbẹ́ kànga fún àwọn ará Ajah, òun náà ló ń gbẹ́ sàréè fún mọ́ṣáláṣí wọn. Ní àárọ̀ àkọ́kọ́, mo tẹ́ máàpù sílẹ̀, mo sì tọ́ka sí ibi tó yẹ ká ti bẹ̀rẹ̀. Ó lóṣòó síbẹ̀, ó bu iyẹ̀pẹ̀ díẹ̀, ó lọ̀ ọ́ láàárín ìka méjì.

"Ọ̀gá Sítúdẹ́ǹtì, wọ́n ti gbẹ́ ilẹ̀ ibí yìí rí."

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀ fún ẹ?"

"Ilẹ̀ náà ni. Ilẹ̀ tí wọ́n bá ti gbẹ́ rí, kì í dì mọ́ bíi ti tẹ́lẹ̀. Á rọ̀, àwọ̀ ẹ̀ á sì dàrú." Ó gbọn ọwọ́ nù. "Kànga Bàbá Gbàdàmọ́sí tó wó ló wà níbẹ̀. Èmi ni mo dí i."

Àwọn tó kù fi mí rẹ́rìn-ín dáadáa. Dókítà náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ wọ́n kọ ọ̀rọ̀ ọkùnrin náà sínú ìwé wọn. Láti ọjọ́ yẹn, ohun tí Dókítà ń sọ kò ju "Bùrọ̀dá Mọ́rúfù, ẹ wá wo ibí. Kí lẹ rí?" Èmi tí mo ka ìwé, Dúró lásán ni mí; ẹni tó ń kó iyẹ̀pẹ̀ ni Bùrọ̀dá. Nígbà tó di ọjọ́ karùn-ún, wọ́n yọ irin ìrẹ́lẹ̀ tiwọn tí wọ́n fi ń ha ilẹ̀ díẹ̀díẹ̀, èyí tí wọn kì í jẹ́ kí èmi àti Tájù fọwọ́ kàn, wọ́n fi lé e lọ́wọ́.

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka iye ìgbà tí wọ́n ń pe orúkọ rẹ̀ lójúmọ́. Ní Mọ́ńdè kan, ó jẹ́ mọ́kàndínlógún. Tèmi jẹ́ mẹ́rin, wọ́n sì fi méjì nínú rẹ̀ rán mi lọ bu omi. Tí mo bá ń jẹun, ọwọ́ rẹ̀ ni mò ń wò. Ọwọ́ bíi ti gbogbo èèyàn ni. N kò mọ ohun tó wà lára rẹ̀ tí kò sí lára tèmi.

Ní ọ̀sẹ̀ kejì, egungun yọ, èmi ni mo sì rí i. Ó jìn tó àyà èèyàn, lábẹ́ ìkarahun. Ọjọ́ méjì ni mo fi wà lórí ìkúnlẹ̀ tí mò ń fi búrọ́ọ̀ṣì gbá iyẹ̀pẹ̀ kúrò lára rẹ̀, tí ìwé mi wà ní ṣíṣí lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ìbàdí fẹ̀: obìnrin. Eyín ti jẹ: ó ti ju ogójì ọdún lọ. Ó fi ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún lélẹ̀ bí ẹni tó sùn, orí rẹ̀ wà ní gúúsù, ojú rẹ̀ sì kọ sí ìlà oòrùn. Ìkarahun tó wà lókè rẹ̀ dì gírígírí, kò sí ibi tó yẹ̀.

"Ẹ ní ìkarahun yìí á ti tó ẹgbẹ̀ta ọdún, mà," ni mo wí fún Dókítà. "Tí ẹnikẹ́ni kò bá fọwọ́ kàn án, a jẹ́ pé obìnrin yìí ti wà nísàlẹ̀ kí wọ́n tó da ìṣáwùrú àkọ́kọ́ lé e lórí."

Wọ́n wò mí bí ẹni pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rí mi. "Dúró, tó bá rí bẹ́ẹ̀, ìwọ lo máa bá mi kọ ìròyìn yẹn."

Kíá ni mo ṣòfin pé kí òṣìṣẹ́ kankan má wọ inú kòtò náà mọ́. Mo ní egungun náà ti gbó, ó lè fọ́. Irọ́ ni. Ojú Mọ́rúfù ni mò ń dí. Tó bá ti na ọrùn létí kòtò, màá fa tapólì bo obìnrin náà.

"Ṣé ìyàwó ẹ ni, Sítúdẹ́ǹtì?" ló ń wí. "O ò tiẹ̀ jẹ́ ká kí i."

Ní Tọ́sìdeè, Dókítà àti Tájù lọ sí Èkó láti ra fíìmù kámẹ́rà. Òjò ńlá rọ̀ lẹ́yìn wọn, omi kún inú kòtò, èmi nìkan kò sì lè gbọ́n ọn tán. Kò sí ọgbọ́n tí mo lè dá, mo pe Mọ́rúfù. Ó fi korobá gbọ́n omi náà títí ó fi gbẹ, ó wá dúró sójú kan. Òjò ti fọ ògiri kòtò tó wà lẹ́yìn obìnrin náà. Ibì kan níbẹ̀ rí jákujàku, ìkarahun fífọ́ àti yanrìn àti ilẹ̀ dúdú ti dà pọ̀ mọ́ra. Mọ́rúfù tọwọ́ bọ̀ ọ́. Ó wo ojú obìnrin náà, ó wo ìlà oòrùn.

"Ìnnà lílláhì," ló wí jẹ́jẹ́.

"Kí ló dé?"

"Ibí ni wọ́n gbà wọlé. Wọ́n gbẹ́ ẹ lọ sísàlẹ̀ lẹ́yìn ẹ̀, wọ́n wá gbẹ́ ihò sí ẹ̀gbẹ́. Inú ihò yẹn ni wọ́n tẹ́ ẹ sí, kó kọjú sí Kíbúlà, lọ́nà Mẹ́kà. Bá a ṣe ń ṣe é nìyẹn tí ilẹ̀ bá le. Inú yanrìn, á wó, àmọ́ ìkarahun ti di ibí yìí mú. Ìyẹn ni ìkarahun òkè ẹ̀ kò ṣe yẹ̀. Kò sẹ́ni tó gba òkè wọlé." Ó nu ojú. "Mùsùlùmí ni, Sítúdẹ́ǹtì. Ìyá ẹnì kan ni."

Lẹ́tà tó kẹ́yìn bọ́ sínú àpótí tó kẹ́yìn. Gbogbo rẹ̀ bára mu lójú mi lẹ́ẹ̀kan náà, inú mi sì dùn, ká sòótọ́, fún ìwọ̀n ìgbà tí èèyàn lè fi mí lẹ́ẹ̀kan. Lẹ́yìn náà ni mo rántí ẹni tó sọ ọ́. Obìnrin mi tó ju ẹgbẹ̀ta ọdún lọ ti di ìyá àgbà tí wọ́n sin, bóyá ní ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn, orúkọ mi sì ti bá a lọ.

"Tí Dókítà bá dé lọ́la, màá fi hàn wọ́n," ni Mọ́rúfù wí.

"Jẹ́ kí n kọ́kọ́ wò ó dáadáa," ni mo dá a lóhùn.

Ní ọ̀sán Fúráìdeè, gbogbo wọn lọ kírun Jímọ̀. Mo bu ìkarahun kún agbọ̀n láti ibi tí a ń da iyẹ̀pẹ̀ sí, mo wọ inú kòtò, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀ wọ́n bọ inú ibi tó rọ̀ yẹn, ọ̀kan tẹ̀lé ọ̀kan, ní ìlà, kó lè jọ ògiri tó kù. Mo fi ilẹ̀ tútù dí àárín wọn. Ìka mi ṣẹ̀jẹ̀. Mò ń gbọ́ ohùn Lemọ́mù láàárín igi àgbọn, n kò sì dáwọ́ dúró. Nígbà tí mo parí, mo sún sẹ́yìn wò ó. Iṣẹ́ náà dára.

Mọ́rúfù ti Jímọ̀ dé pẹ̀lú fìlà lórí. Ó dúró létí kòtò, ó wo ògiri náà, ó wo ìka mi.

"O mọ iṣẹ́ ọwọ́," ló wí, ó sì lọ gbé agbọ̀n rẹ̀.

Oòrùn ṣì ń ràn nígbà tí Dókítà dé. Wọ́n sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lú kámẹ́rà, wọ́n dojú kọ ògiri. Wọ́n fọwọ́ pa á. Wọ́n tún un pa.

"Ẹnu gbogbo ìṣáwùrú yìí ló kọ síta," ni wọ́n wí. "Gbogbo wọn. N kò rí ààtàn tó mọ̀wàá hù tó báyìí rí." Tájù nìkan ló rẹ́rìn-ín. "Bùrọ̀dá Mọ́rúfù, kí lẹ rí?"

Mo fi ìka mi pamọ́ sẹ́yìn.

"Òjò ló fẹ́ wó ògiri yẹn, mà," ni Mọ́rúfù dáhùn. Kò wo ibi tí mo wà. "Sítúdẹ́ǹtì ló fi ìkarahun há a. Ó mọ ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀ náà. Ẹ jẹ́ kó sọ."

Ì bá sàn kó fẹjọ́ mi sùn. Ǹ bá kórìíra rẹ̀, kí n sì sinmi. Ó ti ṣílẹ̀kùn fún mi: kí n sọ gbogbo ọ̀rọ̀ sàréè náà bí ẹni pé èmi ni mo rí i, kí orúkọ mi wọlé, òun kò sì ní yanu. Mo wò ó. Ó ń fi àtàǹpàkò ha ẹrẹ̀ kúrò lẹ́sẹ̀. Ohun tí n kò lè sùn nítorí rẹ̀ láti ọ̀sẹ̀ méjì, ó jù ú sí mi bí ẹni ju àgbọn. Mo rí i pé bí mo bá gbà á, òun ló fún mi. Gbogbo ìgbà tí mo bá rí orúkọ mi lójú ìwé yẹn, orúkọ rẹ̀ ni màá máa kà. N kò lè fara da ìyẹn.

Mo fi ìka ya ìkarahun náà dànù ní ìkúnwọ́ ìkúnwọ́.

"Òjò kọ́, mà. Èmi ni mo tò wọ́n, kí ẹ má baà rí i. Òun ló rí i." Mo sì sọ gbogbo rẹ̀, láti orí ihò ẹ̀gbẹ́ títí dé Kíbúlà.

Dókítà pa ìwé wọn dé. "Dúró, lọ kó máàpù wọlé." Ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá mi sọ lọ́jọ́ yẹn kò jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ní Sátidé, Bàbá Gbàdàmọ́sí mú Lemọ́mù wá. Kò sẹ́ni tó mọ ẹni tó ni sàréè náà. Wọ́n ní kí a dá ìyá náà padà síbi tí a ti bá a. Mọ́rúfù tún ihò ẹ̀gbẹ́ náà gbẹ́, ó wá pè mí.

"Sítúdẹ́ǹtì, wọlé. Ìwọ lo mọ ipò kálukú wọn."

Mo to egungun náà bí ìwé mi ṣe là á sílẹ̀, láti ẹsẹ̀ dé ọrùn. Mo gbé orí sí i, kò jókòó dáadáa. Mọ́rúfù fi àtẹ́lẹwọ́ sún un díẹ̀ báyìí, obìnrin náà sì kọjú síbi tó yẹ kó kọjú sí. Kò sí èyí nínú ìwé. Mo tún jowú ìyẹn.

Nígbà tí ìròyìn náà jáde, Dókítà fi ẹ̀dà kan rán mi sí Ajah. Mo bá Mọ́rúfù nínú kànga kan tó ń gbẹ́. Ó gòkè wá, ó nu ọwọ́ mọ́ ṣòkòtò.

"Èwo ni tèmi níbẹ̀?"

Mo fi ìka sí abẹ́ orúkọ rẹ̀, tó tẹ̀lé ti Dókítà lójú ìwé àkọ́kọ́. Ó wò ó fún ìgbà díẹ̀.

"Ó mà kéré o," ló wí. Ó dá ìwé náà padà fún mi kí n bá a gbé e fún ìyàwó rẹ̀, ó sì tún sọ̀ kalẹ̀.

Ẹ̀dà tèmi wà nínú àpò mi. Mo ń yọ ọ́ wò títí ọkọ̀ ojú omi fi gbé mi dé Èkó. Lẹ́tà mẹ́fà ni orúkọ náà. Mẹ́rin péré ni tèmi ì bá gbà.