Fíìmù Bàbá Bánjọ

Ìdí Olúrántí ti fẹ́rẹ̀ẹ́ bó lórí pákó ọkọ̀ bọ́lẹ̀káájà kí ó tó dé Ẹ̀rìjìyàn. Iṣẹ́ rẹ̀ nílé tẹlifíṣọ̀n n'Ìbàdàn ni kí ó máa wá fíìmù àtijọ́ kiri, ọ̀gá rẹ̀ tó jókòó sábẹ́ fáànù sì rò pé orí igi ni wọ́n ti ń ká a. Ní Ẹ̀fọ̀n, wọ́n ní eku ti jẹ tiwọn. Ní Ìjerò, fọ́tò ìgbéyàwó ni wọ́n gbé fún un. Ètò lórí ìtàn ilé ìwé tí wọn yóò fi hàn lọ́jọ́ Sátidé wá ku ẹyọ fíìmù kan ṣoṣo tó lè gbà á là, èyí tí àlùfáà òyìnbó kan yà nígbà tí Bàbá Bánjọ, olùkọ́ àkọ́kọ́ ní Ẹ̀rìjìyàn, ń bá àwọn ọmọ mọ ilé ìwé. Bàbá ti kú. Kò síbòmíràn tí a tún ti lè rí wọn tí wọ́n ń rìn. Olúrántí ti ránṣẹ́ ṣáájú sí opó wọn, Màmá Ẹ̀yínadé, pé òun ń bọ̀ wá gbé fíìmù náà, pé gbogbo ayé ni yóò rí ọkọ wọn.

Màmá fi iyán pàdé rẹ̀. Nígbà tó jẹun tán, ó bọ́ sẹ́yìn ilé lọ fọwọ́, ó sì rí fíìmù gbọọrọ lórí okùn aṣọ. Kò sí àwòrán kankan lára rẹ̀ mọ́. Oòrùn ń gba inú rẹ̀ kọjá.

Màmá ní ó ti dúdú jù, làwọn ṣe fi omi gbígbóná àti ọṣẹ fọ̀ ọ́, tí àwọn fi kànìnkàn ha á. Ọkọ àwọn kò wọ aṣọ ìdọ̀tí rí, ṣé irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni yóò jáde sójú ayé báyìí?

Ilé ọba jó, wọ́n ní ẹwà ló bù sí i! Inú ń bí Olúrántí burúkú, ṣùgbọ́n ta ni yóò bá wí? Ó dúpẹ́ iyán, ó gbé báàgì rẹ̀, ó ń béèrè ọkọ̀ Aramọkọ tí yóò gbé e padà.

"Dúró ná, ọmọ mi, má bínú," ni Màmá wí, ojú ń tì wọ́n. "Apá ló ro mí, mi ò lè fọ̀ ọ́ tán. Ìyókù wà nínú agolo rẹ̀ nínú ulé. Jẹ́ kí n gbé omi kaná."

Olúrántí ti wọlé kí wọ́n tó dìde. Ìdì kékeré ló kù. Ó nà án sí oòrùn lójú fèrèsé, ó sì gbé awò tó fi ń wo fíìmù lé e. Bàbá Bánjọ nìyí, wọ́n ṣí fìlà, wọ́n ń kí ọmọbìnrin kan tó ru omi bọ̀.

Ó gbé awò náà fún Màmá. Wọ́n wò ó pẹ́.

"Èmi ni mo ru omi yẹn," ni wọ́n wí. Wọ́n wá yíjú sí okùn aṣọ níta. "Ṣé Bàbá wà nínú ìyẹn náà?"

Olúrántí jáde lọ bá wọn ká fíìmù orí okùn náà wọlé.